Ẹni Tó Gba Epo Sílẹ̀ Lájà

Ẹni tó gbé epo lájà kò jalè bí ẹni tó gbà á sílẹ̀. Òwe yìí kò nílò àlàyé rẹpẹtẹ. Àjà ga, ìkòkò epo wúwo, ẹni tó sì gòkè lọ jí i kò lè fi ọwọ́ kan di àkàsọ̀ mú kó tún fi èkejì gbé ẹrù sọ̀kalẹ̀. Bí kò bá sí ẹni tó na ọwọ́ sókè láti ìsàlẹ̀, epo onílé á wà lájà onílé. Ó tán. Ọ̀rọ̀ tó gbé mi dé ìdí òwe náà ló ń dùn mí.

Láìpẹ́ yìí ni èmi àti àwọn àbúrò mi kan jọ ń wo Andor, fíìmù alátìgbàdégbà tí wọ́n gbé apá kìíní rẹ̀ jáde ní 2022, tí apá kejì sì dé ní 2025. Ìtàn nípa ìjọba ńlá búburú inú Star Wars ni, àti bí àwọn èèyàn kéékèèké ṣe dìde sí i. A dé ibi tí àwọn sójà ti ń yìnbọn pa àwọn ará Ghorman ní gbàgede ìlú wọn. Ni ọ̀kan nínú àwọn àbúrò yìí bá mí kanlẹ̀, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, àánú àwọn sójà yẹn ń ṣe mí o. Iṣẹ́ tí wọ́n rán wọn ni wọ́n ń jẹ́. Olú-ọba yẹn nìkan ni ìkà." Àwọn tó kù ní òótọ́ ló sọ. Mo ní kí wọ́n dá fíìmù dúró ná.

Kí n tiẹ̀ dá ẹjọ́ náà kí n tó rò ó: nínú irú ìtàn báyìí, olú-ọba kọ́ ni ọ̀daràn àgbà. Àwọn tó na ọwọ́ sókè ni.

Ẹ wo fíìmù Star Wars àkọ́kọ́, èyí tí George Lucas gbé jáde ní 1977. Wọ́n dárúkọ olú-ọba níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ ò ní fojú kàn án láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Inú fíìmù kejì, ní 1980, ni àwòrán rẹ̀ ti kọ́kọ́ yọ. Bẹ́ẹ̀, inú ti àkọ́kọ́ yẹn gan-an ni wọ́n ti pa odidi ayé kan rẹ́, Alderaan, pẹ̀lú gbogbo ẹlẹ́mìí inú rẹ̀. Ta ló pa á? Gómìnà kan tó ń jẹ́ Tarkin ló pàṣẹ. Àwọn òṣìṣẹ́ tó dé akoto dúdú tẹ bọ́tìnnì, wọ́n fa ọ̀pá, iná bù yẹ̀rì, ayé kan sì di eruku. A ò rí ẹyọ ẹnìkan nínú wọn tó ṣe bí ẹni pé ọwọ́ òun wúwo. Ohun ìjà tí wọ́n lò, Death Star, tóbi bí òṣùpá. Olú-ọba kọ́ ló yọ́ irin rẹ̀. Ẹnìkan ní láti ya àwòrán rẹ̀, ẹnìkan ní láti ṣírò owó rẹ̀, ẹnìkan ní láti se oúnjẹ fún àwọn tó ń gbé inú rẹ̀, ẹnìkan sì ní láti kọ orúkọ wọn sínú ìwé owó oṣù. Ọ̀nà jìn sí ààfin, ṣùgbọ́n ọwọ́ tó ń gbà á sílẹ̀ pọ̀.

Lucas ti sọ ọ́ ní gbangba pé ogun tí Amẹ́ríkà gbé lọ sí Vietnam wà lọ́kàn òun nígbà tí òun ń hun ìtàn yìí, ẹni tó bá sì wo aṣọ àwọn ọ̀gágun inú rẹ̀ yóò rí àwọ̀ àwọn ọmọ ogun Jámánì ayé Hitler. Hitler fúnra rẹ̀ kò wa ọkọ̀ ojú irin kankan lọ sí àgọ́ ìpànìyàn Auschwitz. Ẹlòmíràn ló wà á, tó sì gba owó iṣẹ́ lópin oṣù.

Ohun tó mú kí Andor ta àwọn ìtàn ẹgbẹ́ rẹ̀ yọ nìyí: Tony Gilroy tó darí kíkọ rẹ̀ kò tẹjú mọ́ òkè àjà. Ìsàlẹ̀ ló tan iná sí. Ó fi Syril Karn hàn wá, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ ẹ̀ṣọ́ fún iléeṣẹ́ aládàáni, tó tún aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ rán kó lè bá ara rẹ̀ mu ju ti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Àwọn ẹ̀ṣọ́ méjì kú, ọ̀gá rẹ̀ ní kó bo ọ̀rọ̀ náà mọ́lẹ̀, Syril kọ̀. Kò sí ẹni tó fi pàṣán lé e. Ìfẹ́ kí wọ́n lè máa pè é ní ọmọ dáadáa ló ń lé e. Ó fi ìtara yẹn fa wàhálà bá odidi ìlú kan, Ferrix. Nígbà tó yá, wọ́n fi í sí Ghorman kó máa yọ́ wọ àárín àwọn aráàlú, kó sì máa kó ọ̀rọ̀ wọn wá. Ìgbà tó máa fi mọ ohun tí wọ́n ń fi iṣẹ́ rẹ̀ ṣe, gbàgede ti kún, ìbọn ti ń dún. Ibẹ̀ ló kú sí.

Kí ló dé tí wọ́n fi pa Ghorman run? Àwọn ará ibẹ̀ lókìkí nínú aṣọ tí wọ́n ń fi òwú aláǹtakùn hun, ṣùgbọ́n ohun àlùmọ́nì tí ìjọba nílò fún Death Star wà lábẹ́ ilẹ̀ wọn. Kí wọ́n tó rán sójà rárá, wọ́n ti pe àwọn alátagbà ìròyìn jókòó, pé kí wọ́n lọ ba àwọn ará Ghorman lórúkọ jẹ́, kí aráyé lè rò pé agbéraga ni wọ́n, kí ikú wọn má bàa dun ẹnikẹ́ni. Àwọn yẹn ò ní ìbọn lọ́wọ́. Ẹnu lásán ni wọ́n fi gba epo tiwọn. Nígbà tí ọjọ́ pé, ìjọba ní kí wọ́n yìnbọn láti orí òrùlé pa ọ̀kan nínú àwọn sójà ìjọba fúnra rẹ̀, kí wọ́n lè rí àwáwí. Sójà tí àbúrò mi ń ṣàánú rèé! Ẹni tó ń gba epo fún olè kò mọ̀ pé olè yóò jí ti òun náà. Dedra Meero, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tó mọ gbogbo ètò yìí láti ìbẹ̀rẹ̀, tó sì pàṣẹ pé kí wọ́n bẹ̀rẹ̀, ọgbà ẹ̀wọ̀n ìjọba tó sìn ni ìtàn fi í sí.

Ẹni tó wú mi lórí jù nínú wọn ni Kino Loy. Ẹlẹ́wọ̀n lòun náà, ní Narkina 5, níbi tí ilẹ̀ ti jẹ́ irin, tí àwọn ẹlẹ́wọ̀n ò gbọdọ̀ wọ bàtà, tí wọ́n sì ń gba ẹsẹ̀ wọn tan iná mànàmáná sí wọn lára bí iṣẹ́ bá falẹ̀. Wákàtí 12 ni wọ́n fi ń to irin lójúmọ́. Kino ni ìjọba fi ṣe olórí iyàrá kan, ó sì ń pariwo mọ́ àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ju wọ́dà lọ, nítorí ó ń ka ọjọ́ tí wọ́n máa dá òun sílẹ̀. Ọjọ́ tó gbọ́ pé kò sẹ́ni tó ń lọ sílé, pé ẹni tí wọ́n bá dá sílẹ̀ níbí, iyàrá mìíràn ni wọ́n ń gbé e lọ kó lọ bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ọjọ́ yẹn ló jọ̀wọ́ ìkòkò epo náà. Kò sì pẹ́ tí àwọn ẹlẹ́wọ̀n fi gba ọgbà ẹ̀wọ̀n ọ̀hún. Àwọn wọ́dà tí wọ́n ń bẹ̀rù lánàá sá pamọ́ sínú yàrá, wọ́n ń mí helehele. Irin tí wọ́n ń tò yẹn, ara Death Star ni.

Ẹnìkan á ní, "Ẹni tí wọ́n fipá mú ńkọ́?" Mo ti gbọ́. Nínú fíìmù Star Wars tó jáde ní 2015, sójà kan wà tí wọ́n jí gbé láti kékeré, tí wọn ò tilẹ̀ fún lórúkọ, FN-2187 ni wọ́n ń pè é. Ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n ní kó yìnbọn pa àwọn ará abúlé, kò yìn ín. Lẹ́yìn náà ló sá, ọ̀rẹ́ tuntun kan sì sọ ọ́ ní Finn. Bí ẹni tí kò lórúkọ bá lè kọ̀, kí ni ẹni tó fọwọ́ ara rẹ̀ kọ lẹ́tà ìwáṣẹ́ fẹ́ wí? Àwọn sójà kan tún wà nínú Star Wars tí wọ́n ri ẹ̀rọ bọ̀ lọ́pọlọ kí wọ́n má bàa lè kọ àṣẹ; àwọn yẹn nìkan ni mo yọ sílẹ̀. Àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ńkọ́? Nínú fíìmù Clerks tí Kevin Smith ṣe ní 1994, àwọn òṣìṣẹ́ ìsọ̀ méjì ń jiyàn lórí àwọn kọngílá tó kú nígbà tí wọ́n fọ́ Death Star kejì, bóyá aláìṣẹ̀ ni wọ́n. Oníbàárà kan tó ń ṣe òrùlé ló dá sí i: wọ́n gbéṣẹ́ ilé ọ̀gá jàǹdùkú kan fún òun rí, òun kọ̀ ọ́; ọ̀rẹ́ òun tó gbà á, ibi iṣẹ́ yẹn ni wọ́n pa á sí. Oníṣẹ́ òrùlé yẹn mọ òwe wa láìgbọ́ Yorùbá. N kò tún ní í sọ̀rọ̀ lórí ìyẹn mọ́.

Àmọ́ òwe kan wà tí kò jẹ́ kí n fi gbogbo ìbínú mi sórí sójà àti kọngílá: bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè ráyè wọ ibẹ̀. Ṣé ẹ rántí bí Palpatine ṣe di olú-ọba? Kò jálẹ̀kùn. Sẹ́nétọ̀ ni, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ló sì dìbò fún un pé kó wá ṣe olórí. Nínú fíìmù 2002, Jar Jar Binks, ẹni tí gbogbo ayé ń fi ṣẹ̀fẹ̀, ló dìde dábàá pé kí wọ́n fún un ní agbára pàjáwìrì, ilé sì hó yèè. Nínú ti 2005, ó dúró níwájú wọn, ó kéde pé ìjọba aráàlú ti di ilẹ̀ olú-ọba. Kí ni àwọn ọlọ́lá aláṣọ ńlá ṣe? Wọ́n pàtẹ́wọ́. Kò sẹ́ni tó na ìbọn sí wọn nígbà tí wọ́n ń pa á. Ó sì wà nínú fíìmù 1977 pé olú-ọba yìí kan náà ti tú ilé ìgbìmọ̀ wọn ká pátápátá. Àwọn tó lanu fún aláǹgbá, aláǹgbá lé wọn jáde nílé.

Ìtàn tiwa náà mọ èyí. Nínú Ṣaworoidẹ, fíìmù Túndé Kèlání tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ, Lápité kọ̀ láti jẹ́ ẹ̀jẹ́ oyè Jogbo, ó fi ìbọn gba adé. Àwọn ìjòyè mọ̀, wọ́n dákẹ́, wọ́n sì ń pín nínú owó àwọn tó ń gé igi inú igbó. Nígbà tí àwọn ọ̀dọ́ dìde, àwọn ará ààfin ké sí Làgàta, ológun, pé kó wá gba àwọn. Làgàta dé, ó sì gba ìjọba fún ara rẹ̀. Ta ló ṣí ògiri Jogbo?

Nítorí náà ni mo ṣe ń bá àwọn òǹkọ̀wé tó máa ń pa olú-ọba kan tí wọ́n á sì ní ayé ti dára jà. Ní 1983, wọ́n ju Palpatine sínú ọ̀gbun, gbogbo èèyàn jó. Nígbà tó fi máa di fíìmù 2015, àwọn tó ṣẹ́ kù nínú ìjọba yẹn ti kó ara wọn jọ, wọ́n ti kan ohun ìjà tó ju ti àtijọ́ lọ. Ní 2019, Palpatine fúnra rẹ̀ tún padà wá, àwọn òǹwòran sì ń bínú pé irọ́ ti pọ̀ jù. Kò yà mí lẹ́nu rárá. Wọ́n ti olè ṣubú lórí àjà, wọn ò bi ẹni tó dúró nísàlẹ̀ léèrè.

Suzanne Collins gbọ́n ju bẹ́ẹ̀ lọ. Nínú ìwé kẹta The Hunger Games tó jáde ní 2010, ọwọ́ ti tẹ Snow, ìkà tó ń fi àwọn ọmọ ọlọ́mọ ṣe eré àpakú. Wọ́n fún Katniss, ọ̀dọ́mọbìnrin tó ti la eré náà já, ní ọrun kó ta á pa. Ṣùgbọ́n Coin, tó ṣáájú àwọn ọlọ̀tẹ̀, ti dábàá pé kí wọ́n tún ṣe eré náà lẹ́ẹ̀kan sí i, kí wọ́n fi àwọn ọmọ Capitol, olú-ìlú Snow, ṣe é. Coin ni Katniss ta lọ́fà. Ó rí ọwọ́ tó ń nà sókè gba epo kan náà.

Ẹ̀yin tó ń kọ ìtàn ní èdè wa, ẹ má di gbogbo ẹ̀ṣẹ̀ ìlú lé orí ọba kan ṣoṣo mọ́. Ẹ kọ akọ̀wé rẹ̀, ẹ kọ ẹ̀ṣọ́ rẹ̀, ẹ kọ onígbọ̀wọ́ rẹ̀ àti àwọn tó ń pàtẹ́wọ́ fún un. Ẹ̀yin àbúrò mi, ẹ tọ́jú àánú yín fún àwọn ará Ghorman. Ẹni tó gbé epo jẹ̀bi, ẹni tó gbà á sílẹ̀ jẹ̀bi jù ú lọ.