Ta Ni Yóò Sọ Pé Ogun Ti Parí?

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú kan ni mo lọ gẹrun ní Tankẹ. Kó tó kàn mí, ọmọkùnrin kan tó jókòó tì mí na fóònù rẹ̀ sí mi. Fídíò Ibrahim Traoré ti Burkina Faso ni: fìlà pupa, aṣọ sójà, orin akíkanjú lábẹ́ rẹ̀, ohùn kan tí kì í ṣe ti ọmọ èèyàn sì ń ka iṣẹ́ ribiribi tí ọkùnrin náà ti ṣe. Iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ni mò ń ṣe, ojú mi ti mọ fídíò tí ẹ̀rọ hun. Mo sọ fún un pé ìdajì ohun tó wà níbẹ̀ kò ṣẹlẹ̀ rí.

"Ẹ̀gbọ́n, ìdajì tó kù ńkọ́?"

Mo rẹ́rìn-ín. Ó ti mú mi. Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé fún gbogbo ṣọ́ọ̀bù pé irú ọkùnrin yẹn gan-an la nílò ní Nàìjíríà, kó wọ aṣọ ogun, kó lé àwọn agbésùnmọ̀mí, kó má sì dá wa láàmú pẹ̀lú ìbò kankan títí iṣẹ́ yóò fi parí. "Ta ló ń ka ọdún nígbà ogun?" Onígèrun dá kílípà dúró, ó ní òótọ́ ni. Àwọn méjì mìíràn náà ní òótọ́ ni.

Mi ò fi ọmọ náà ṣe yẹ̀yẹ́. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2025, àwọn agbébọn ya wọ ṣọ́ọ̀ṣì kan ní Erúkù, nínú ìpínlẹ̀ Kwara wa yìí, nígbà tí ìsìn ń lọ lọ́wọ́. Wọ́n pa èèyàn, wọ́n kó èèyàn lọ sínú igbó. Ẹni tí irú ẹ̀rù bẹ́ẹ̀ ń bà kò ráyè kàlẹ́ńdà. Ṣùgbọ́n mo ní ìdáhùn sí ìbéèrè rẹ̀, ariwo jẹnẹrétọ̀ ni kò jẹ́ kí n sọ ọ́ tán lọ́jọ́ náà. Ìgbà ogun gan-an ló yẹ ká ka ọdún. Kó má sì jẹ́ pé ẹni tó wà lórí àga ni yóò máa bá wa kà á.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti ilé. Ọjọ́ 27 oṣù Karùn-ún ọdún 1967 ni Yakubu Gowon pín Nàìjíríà sí ìpínlẹ̀ 12, tiwa yìí sì wà lára wọn. Ọwọ́ rẹ̀ ni Ìlọrin ti gba ipò olú ìlú. Kò tó oṣù méjì lẹ́yìn náà tí ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí àwọn àgbà wa kì í fi í fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ burúkú nípa Gowon, èmi náà ò sì ní èyí tó burú jù láti sọ. Nígbà tí ogun parí ní oṣù Kìíní ọdún 1970, ó ní kò sí ẹni tó ṣẹ́gun, kò sí ẹni tí a ṣẹ́gun. Olórí ogun mélòó ló lè sọ bẹ́ẹ̀ nígbà tí ọwọ́ rẹ̀ wà lókè?

Ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ogun ni mo fẹ́ kí ẹ wò. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Kẹwàá ọdún 1970, Gowon ṣèlérí pé ọdún 1976 ni sójà yóò gbé ìjọba fún alágbádá. Ó ka nǹkan mẹ́sàn-án tó fẹ́ ṣe kó tó lọ: àtúntò iṣẹ́ ológun, ètò ìkànìyàn, òfin tuntun àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Ogun ti parí o, ó ṣì gba ọdún mẹ́fà sí i, kò sẹ́ni tó bínú. Ilé tó wó, títún un kọ́ gba àkókò. Nígbà tó di ọjọ́ kìíní oṣù Kẹwàá ọdún 1974, ó bọ́ sórí rédíò, ó ní ọdún 1976 kò lè ṣeé ṣe mọ́, pé àwọn olóṣèlú kò tíì kọ́gbọ́n. Kò dárúkọ ọdún mìíràn rọ́pò rẹ̀. Ọjọ́ náà kàn pòórá.

Ta ló bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀? Kò sí ilé aṣòfin. Kò sí ẹgbẹ́ òṣèlú. Ẹni tó ṣèlérí náà ló yẹ ìlérí wò, òun náà ló sì dájọ́ pé kò tíì tó àkókò. Àwọn gómìnà rẹ̀ jókòó pẹ̀lú rẹ̀. David Bamigboye ṣe gómìnà Kwara láti ọdún 1967 títí di oṣù Keje ọdún 1975, ọdún mẹ́jọ àti oṣù díẹ̀ lé. Ẹ ṣírò ó ní ti ayé òde òní: sáà méjì gbáko, láìsí àpótí ìbò kan ṣoṣo. Bóyá ó ṣe dáadáa. Àwọn kan ní ó ṣe dáadáa. Ṣùgbọ́n bí kò bá ṣe dáadáa ńkọ́, níbo ni bàbá mi ì bá ti lọ sọ ọ́?

Ọ̀nà kan ṣoṣo ló kù láti yọ irú ìjọba bẹ́ẹ̀. Ní ọjọ́ 29 oṣù Keje ọdún 1975, Gowon wà ní Kampala fún ìpàdé àwọn olórí Áfíríkà. Joseph Garba, ọ̀gá àwọn sójà tó ń ṣọ́ ọ gan-an, ni ohùn rẹ̀ jáde lórí rédíò pé ìjọba ti yí padà. Ẹ̀jẹ̀ kò ta sílẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, a dúpẹ́. Murtala Muhammed gbàjọba, wọ́n sì fi Kọ́nẹ́ẹ̀lì Ibrahim Taiwo rọ́pò Bamigboye ní Kwara. Kò pé oṣù méje. Ní ọjọ́ 13 oṣù Kejì ọdún 1976, àwọn sójà mìíràn dìde, wọ́n pa Murtala, wọ́n pa Taiwo náà. Ẹ̀yin tí ẹ ń gba ojú ọ̀nà Ibrahim Taiwo kọjá lójoojúmọ́ pẹ̀lú ọ̀kadà àti Kẹ̀kẹ́ Màrúwá, ẹ wo orúkọ náà lẹ́ẹ̀kan sí i. Mi ò ní Gowon ló pa á. Ohun tí mo ń sọ ni pé nígbà tí sójà bá ti mọ̀ pé ìbọn nìkan ló ń pààrọ̀ ìjọba, ìbọn ni wọn yóò máa nà sí i.

Ẹni tó bá ka ìwé díẹ̀ yóò ní, "Roosevelt ti Amẹ́ríkà ńkọ́?" Òótọ́ ni, òun ni àpẹẹrẹ tó dùn jù fún àwọn tó ń jà fún olórí tí kì í lọ. George Washington lo sáà méjì, ó sì lọ sílé, kò sì sí èyí nínú àwọn tó tẹ̀ lé e tó lò ju méjì lọ, àṣà náà dúró fún ohun tó lé ní ogóje ọdún. Roosevelt ló rú u. Wọ́n dìbò yàn án ní 1932, 1936, 1940 àti 1944. Nígbà ìbò kẹta, Jámánì ti gba Faransé. Nígbà ìkẹrin, ọmọ Amẹ́ríkà ń kú lójú ogun ní Yúróòpù àti lórí òkun Pàsífíìkì. Wọn kò sún ìbò náà síwájú. Dewey dìde, ó bá ààrẹ ogun díje, ó ń bú ìjọba rẹ̀ ní gbangba, kò sẹ́ni tó kó o lọ sójú ogun. Roosevelt wọlé. Kò tó oṣù mẹ́ta lórí sáà kẹrin tó kú, ní oṣù Kẹrin ọdún 1945. Àwọn ará Amẹ́ríkà tí wọ́n fẹ́ràn rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ ló wá jókòó tí wọ́n kọ ọ́ sínú òfin wọn ní 1951 pé kò sí ẹni tí wọn yóò tún dìbò yàn ju ẹ̀ẹ̀mejì lọ.

Àní ká tiẹ̀ gbà pé ìbò kò ṣeé ṣe nígbà tí bọ́ǹbù ń já. Gẹ̀ẹ́sì náà kò dìbò láti 1935 sí 1945. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí wọ́n ṣe ṣe é: ọdún kọ̀ọ̀kan ni ilé aṣòfin wọn ń jókòó láti fi ọdún kan péré kún ọjọ́ orí ilé náà. Ọdún kan tán, ẹ wá bèèrè òmíràn. Bí Jámánì ṣe túúbá, wọ́n dìbò, wọ́n sì yọ Churchill, tí ogun Japan kò tíì parí. Akíkanjú ni, wọ́n sì ní kó máa lọ sílé.

Èyí tó rán mi létí nǹkan níbi iṣẹ́. Ilé iṣẹ́ kan tí mo bá ṣiṣẹ́ nígbà kan, sáfà wọn dákú ní aago méjì òru. Wọ́n fún ẹnì kan ní páswọ̀ọ̀dù tó ṣílẹ̀kùn gbogbo, nítorí pé kò sí àyè láti máa gba àṣẹ. Ó tún un ṣe kílẹ̀ tó mọ́. Èèyàn dáadáa ni, ó mọṣẹ́. Kò sẹ́ni tó gba páswọ̀ọ̀dù náà padà. Lọ́dún méjì lẹ́yìn náà, òun nìkan ló lè fọwọ́ kan ohunkóhun, gbogbo nǹkan tó bá bàjẹ́ sì di ìdí tuntun tí kò fi yẹ ká gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Kò jalè o. Ó kàn ti di pé a kò lè ṣe é láìsí i, a kò sì mọ bóyá bẹ́ẹ̀ ló rí lóòótọ́, torí pé a kò dán an wò rí. Níbi tí mo wà báyìí, àṣẹ òru bẹ́ẹ̀ máa ń parí fúnra rẹ̀ lẹ́yìn wákàtí mélòó kan. Bí iṣẹ́ bá kù, wàá tún un bèèrè, ẹlòmíràn ni yóò sì fọwọ́ sí i.

Ohun tí mo fẹ́ kí ọmọ yẹn mọ̀ ni pé òfin Nàìjíríà ti ronú sí i ṣáájú wa. Ẹ ṣí ìwé òfin 1999, ẹ lọ sí apá 135, ẹsẹ̀ kẹta. Bí ogun bá wọ ilẹ̀ Nàìjíríà gan-an, tí ààrẹ sì rí i pé ìbò kò ṣeé ṣe, Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin lè fi kún àkókò rẹ̀. Oṣù mélòó? Mẹ́fà, kò gbọdọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ lẹ́ẹ̀kan. Bí mẹ́fà bá pé tí ogun kò tán, kó padà wá. Apá 180 sọ irú rẹ̀ fún gómìnà. Àwọn tó kọ ọ́ ti rí ogun abẹ́lé, wọ́n ti rí 1974. Wọn kò sọ pé ogun kì í ṣe àwáwí. Wọ́n ní àwáwí náà ń díbàjẹ́ bí wàrà, kí a máa tún un tọ́ wò.

Ẹ gbé ìyẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́ Burkina Faso. Ní oṣù Kìíní ọdún 2022, Damiba gbàjọba, ó ní Kaboré kò lè bá agbésùnmọ̀mí jà. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún kan náà, Traoré lé Damiba, ọ̀rọ̀ kan náà ló sọ. Oṣù Keje 2024 ni ìjọba ológun yóò parí. Ní oṣù Karùn-ún ọdún náà, wọ́n pe ìpàdé ọlọ́jọ́ méjì ní Ouagadougou, wọ́n parí rẹ̀ lọ́jọ́ kan, wọ́n sì fún un ní oṣù 60. Ọgọ́ta! Wọ́n ní ìbò lè yá ju bẹ́ẹ̀ lọ bí ààbò bá gbà, òun náà sì lè díje. Ta ni yóò sọ bóyá ààbò gbà? Ẹ dá a lóhùn fúnra yín. Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn ìpàdé yẹn, ní Barsalogho, wọ́n pa ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún èèyàn lójú kan, ará ìlú tí wọ́n kó lọ gbẹ́ yàrà yí ìlú ká wà lára wọn. Ní orílẹ̀-èdè tí wọ́n ti ń fi akọ̀ròyìn àti adájọ́ ṣe sójà tipátipá, ta ni yóò bèèrè ẹni tó rán wọn jáde láìsí ààbò tó péye? Fídíò ọmọ yẹn kò dé Barsalogho.

Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ fún mi pé èrò òyìnbó ni kí a máa dá ọjọ́ fún ajagun. Samuel Johnson kọ ọ́ sínú ìwé ìtàn rẹ̀ pé lẹ́ẹ̀kan lọ́dún mẹ́ta ni Ààrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò gbọ́dọ̀ lọ sógun níbi tí ọba bá darí rẹ̀ sí, láàárín oṣù mẹ́ta kó sì ṣẹ́gun padà wálé tàbí kí wọ́n gbé òkú rẹ̀ bọ̀. Oṣù mẹ́ta! Ọ̀yọ́ mọ̀ pé ẹni tí gbogbo idà wà lọ́wọ́ rẹ̀ kò gbọdọ̀ jẹ́ ẹni tí yóò yan ogun tí yóò sì yan ọjọ́ tí ogun yóò tán. Ibi tí ọ̀rọ̀ Kakaǹfò tiwa, Àfọ̀njá, wá já sí nígbà tí òun àti Aláàfin kò gbọ́ra yé mọ́, ẹ jẹ́ n yára kọjá rẹ̀. Ní Ìlọrin ni mò ń gbé, mo sì fẹ́ máa gbé ibẹ̀ lọ.

Wọ́n máa sọ pé ilé aṣòfin wo? Àwọn tó ń fọwọ́ sí gbogbo nǹkan? Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí torí pé òótọ́ pọ̀ nínú rẹ̀. Síbẹ̀, ọjọ́ 16 oṣù Karùn-ún ọdún 2006, Sẹ́nẹ́ètì Nàìjíríà yìí kan náà ló da ẹ̀kún òfin tí ì bá fún Obasanjo láàyè sáà kẹta nù. Obasanjo yìí kan náà ló gbé ìjọba sílẹ̀ fún Shagari ní 1979 gẹ́gẹ́ bí ológun, ní ọjọ́ tí Murtala ti dá kó tó kú. Ọkùnrin kan náà, ìgbà kan ó bá ọjọ́ nílẹ̀ ó sì pa á mọ́, ìgbà kejì àwọn èèyàn ní láti di ilẹ̀kùn mú. Ìyẹn tó mí láti má gbé ọ̀rọ̀ yìí karí ìwà rere ẹnikẹ́ni, ìbáà ṣe ẹni tó gbàjọba ní ọmọ ọdún 34 tó de fìlà pupa.

Mo ti ya fọ́tò apá 135 yẹn, mo fi ránṣẹ́ sí ọmọ náà lórí WhatsApp, torí a ti gba nọ́ńbà ara wa ká tó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù. Mo kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé bí ó bá rí Traoré ti Kwara, èmi náà á dìbò fún un, oṣù mẹ́fà mẹ́fà ni kó máa wá bá wa. Ó ti kà á, mo rí àmì búlúù méjì. Ó fi fídíò mìíràn dá mi lóhùn.