Ẹ̀mí Àìmọ́ Kì Í Ṣe Ọmọ Yín

Fíìmù tí òkú ti ń jáde wá dẹ́rù ba alààyè kò ṣọ̀wọ́n nínú ilé wa. Èyí tí ọ̀pọ̀ ṣì ń rántí ni Living in Bondage, tí Kenneth Nnebue gbé jáde ní èdè Ìgbò ní 1992. Andy fi Merit aya rẹ̀ ṣe oògùn owó. Owó dé lóòótọ́, ṣùgbọ́n òkú Merit ń farahàn án títí orí rẹ̀ fi dàrú.

Ẹ̀kọ́ kan wà níbẹ̀ tí Bíbélì fara mọ́: apànìyàn kò ní ìsinmi. Ẹ̀jẹ̀ Ábẹ́lì ké láti inú ilẹ̀ (Jẹ́nẹ́sísì 4:10). Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i, Ọlọ́run ni ó ké sí. Ábẹ́lì kò dìde láti máa lé Káínì kiri.

Kí ló dé tí a fi ń sọ èyí? Ní Modákẹ́kẹ́ wa níhìn-ín àti ní Ifẹ̀, ìjà 1997 sí 2000 pa ọmọ ọlọ́mọ. Àwọn baba ńlá wa sì gbà pé ẹni tí ó kú láìtọ́jọ́ lè di àkúdàáyà, kí ó máa gbé ìlú mìíràn. Bí ìyá tí kò rí òkú ọmọ rẹ̀ sin bá wo irú fíìmù bẹ́ẹ̀, kí ni yóò máa rò lóru? Yóò máa retí ẹni tí kò ní dé mọ́, tàbí kí ó máa náwó lórí ètùtù.

Ìyá wa, ẹ gbọ́: ìdájọ́ Ọlọ́run ni ó kàn fún ẹni tí ó bá ti kú, kì í ṣe ìrìnkiri (Hébérù 9:27). Sáúlù tọ abókùúsọ̀rọ̀ lọ ní Éńdórì. Ìbẹ̀rù tí ó gbé lọ ni ó gbé bọ̀ (1 Sámúẹ́lì 28). Ẹ̀mí àìmọ́ wà. Mount Zion ti Ilé-Ifẹ̀ fi hàn nínú Agbára Ńlá ní àwọn ọdún 1990. Ṣùgbọ́n ẹ̀mí àìmọ́ kì í ṣe ọmọ yín.

Àwa kò ní kí ẹ má wo fíìmù. Ẹ bá àwọn ọmọ jókòó wò ó. Ẹ sọ fún wọn pé àtíkè ni ó funfun lójú òkú yẹn, àti pé wọ́n dá kámẹ́rà dúró kí ó lè bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́, ni ó fi dà bí ẹni pé ó pòórá. Lẹ́yìn náà, ẹ lọ kí ẹni tí ń ṣọ̀fọ̀ ní àdúgbò yín. Ẹ jẹ́ kí ó dárúkọ ọmọ rẹ̀, kí ó sunkún, kí ẹ sì gbàdúrà pọ̀.

Kí Ẹ̀mí Mímọ́, Olùtùnú, nu omijé wọn nù. Àmín.