Ẹ̀jẹ̀ Kì í Tẹ Dùùrù

Nígbàkúùgbà tí tẹ̀gbọ́n-tàbúrò bá jókòó ti dùùrù pìánò láti jùmọ̀ tẹ orin kíláásíkà, gbólóhùn kan wà tí kì í wọ́n lẹ́nu àwọn tó ń kọ̀wé nípa wọn: pé ẹ̀jẹ̀ ọmọ ìyá ló mú kí ogún ìka máa rìn bí ẹyọ kan. Ọ̀rọ̀ náà dùn létí, ṣùgbọ́n kò rí bẹ́ẹ̀, ó sì ń bo iṣẹ́ mọ́lẹ̀.

Ẹ wo Katia àti Marielle Labèque ti ilẹ̀ Faransé. Ìyá wọn, tí í ṣe olùkọ́ dùùrù, ló kọ́kọ́ kọ́ wọn. Lẹ́yìn tí wọ́n kẹ́kọ̀ọ́ jáde ní ilé-ẹ̀kọ́ orin gíga ti Paris ní 1968 ni wọ́n tó pinnu pé àwọn yóò máa tẹ dùùrù pọ̀. Nígbà tí Philip Glass kọ orin tuntun fún dùùrù méjì àti ẹgbẹ́ olórin ńlá, èyí tí wọ́n kọ́kọ́ tẹ ní Los Angeles ní 2015, ojú ìwé kìn-ín-ní ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ọ bíi ti gbogbo ènìyàn. Ẹ̀jẹ̀ kò mọ ìwé orin kà.

Àwọn kan yóò ní àjọgbé láti kékeré ń ràn wọ́n lọ́wọ́. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n àjọgbé kì í ṣe ẹ̀jẹ̀. Ọdún gbọọrọ tí ènìyàn méjì fi ń gbọ́ra wọn, tí wọ́n ń tún àṣìṣe ara wọn ṣe, ni. Martha Argerich ti Ajẹntínà àti Nelson Freire ti Brazil kò bá ara wọn tan rárá. Ọ̀rẹ́ lásán ni wọ́n, síbẹ̀ ìṣọ̀kan ọwọ́ wọn lórí dùùrù méjì kò kéré sí ti ọmọ ìyá kankan.

Ìpalára tó wà nínú ìtàn ẹ̀jẹ̀ yìí hàn kedere nílé Mozart. Maria Anna, tí wọ́n bí ní 1751, àti àbúrò rẹ̀, Wolfgang, tí wọ́n bí ní 1756, jọ tẹ dùùrù káàkiri Yúróòpù. Ṣùgbọ́n ní 1769, Leopold, bàbá wọn, mú ọmọkùnrin lọ sí Ítálì, ó fi ọmọbìnrin tó ti di ọmọ ọdún 18 sílẹ̀ ní Salzburg. Maria Anna náà kọ orin, ṣùgbọ́n kò sí ọ̀kan tó ṣẹ́ kù lónìí. Ẹ̀jẹ̀ kan náà ni, olùkọ́ kan náà ni. Àǹfààní ni kò dọ́gba.

Ẹni tó bá ń fi gbogbo rẹ̀ lé ẹ̀jẹ̀ lọ́wọ́ kò ní béèrè ẹni tí wọ́n kọ́ àti ẹni tí wọ́n fi sílé. Kí àwọn alárìíwísí yé yin ẹ̀jẹ̀. Òógùn ni kí wọ́n yìn, kí wọ́n sì bi ilẹ̀kùn tí wọ́n tì mọ́ àwọn ọmọbìnrin léèrè.