Àáró Àwọn Òṣèré

Ẹni ọdún 101 ni Charles Olúmọ, tí gbogbo wa mọ̀ sí Àgbákò, nígbà tó jáde láyé ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 2024. Ọmọ Abẹ́òkúta ni. Jàǹdùkú ni lójú amóhùnmáwòrán, ìkà ni, ọmọdé a máa sá fún ojú rẹ̀. Òun kọ́ ni olú ẹ̀dá ìtàn. Òun lẹni tí olú ẹ̀dá ìtàn ń bá wọ̀jà. Láìsí irú rẹ̀, kò sí sinimá Yorùbá. Owó irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ló ń jẹ mí lọ́kàn.

Ẹ jẹ́ ká mú òṣèré kan tó fi Wásinmi ṣe ibùgbé. Wọ́n pè é lálẹ́: “Bàbá, ẹ wá bá wa ṣe baálẹ̀ lọ́la, l'Abẹ́òkúta.” Agbádá tirẹ̀ ni yóò wọ̀, fìlà tirẹ̀ ni yóò dé. Tí iṣẹ́ bá parí, owó mọ́tò ni wọn yóò fi lé e lọ́wọ́, bóyá pẹ̀lú díẹ̀ lórí rẹ̀. Láti oṣù Karùn-ún ọdún 2023 tí ìjọba ti yọ owó ìrànwọ́ orí epo, jálá epo bẹntiróòlù tí kò tó 200 náírà ti ré kọjá 1,000 kí ọdún kejì tó parí. Ọkọ̀ ló ń jẹ owó náà kí bàbá tó padà délé.

Síbẹ̀ kò bínú, nítorí àáró ni. Ẹ̀yin ará Ẹ̀gbá, ẹ mọ ohun tí mò ń wí. Lísàbí ló kó àwọn àgbẹ̀ jọ: lónìí oko tìrẹ, lọ́la oko tèmi. Ẹgbẹ́ yẹn náà ló dìde ogun sí àwọn ìlàrí, aṣojú Aláàfin. Òṣèré Lateef Adédiméjì fi ìtàn náà ṣe fíìmù tó jáde lórí Netflix lọ́dún 2024. Bẹ́ẹ̀ làwọn òṣèré ń ṣe láàárín ara wọn: mo bá ọ ṣe tìrẹ, ìwọ náà á wá ṣe tèmi. Nígbà tí náírà ṣubú lẹ́yìn ètò àtúntò ọrọ̀ ajé (SAP) ọdún 1986, tí ọwọ́ ò tó fíìmù òkè òkun mọ́, tí wọ́n yà sórí fídíò, àáró yìí wà lára ohun tó gbé iṣẹ́ náà ró. Mo bọ̀wọ̀ fún un.

Ṣùgbọ́n ẹni tó lóko ni àáró ń gbè. Òṣèré tí kò rí owó ṣe fíìmù tirẹ̀ rí, oko gbogbo ayé ló ń ro. Ta ni yóò wá bá a ro tirẹ̀? Láyé ẹgbẹ́ eré ìtàgé Ògúndé, ọ̀gá ń bọ́ ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀, ìdílé kan ni wọ́n. Ẹgbẹ́ ti tú báyìí, olúkúlùkù dá dúró. Tí àìsàn bá dé, àwùjọ ni wọ́n ń ké sí. Bẹ́ẹ̀ ló rí fún Káyọ̀dé Odùmósù, Pa Kasumu, tó ṣàìsàn fún ọ̀pọ̀ ọdún kó tó kú ní oṣù Kẹta ọdún 2020. Àwọn tó dáwó ṣe dáadáa. Lójú tèmi, owó iṣẹ́ tó yẹ kó ti wọlé tipẹ́ ni àgbà òṣèré ń gbà bí ìtọrẹ.

Nísinsìnyí, YouTube ni ọjà. Ará Lọ́ńdọ̀nù àti Houston ń wò ó, dọ́là ló ń wọlé fún ẹni tó ni ìkànnì. Dọ́là tí kò tó 500 náírà kí oṣù Kẹfà ọdún 2023 tó dé kọjá 1,500 lọ́dún 2024. Bí iye òǹwòran kò tilẹ̀ yí padà, owó onífíìmù ti di ìlọ́po mẹ́ta ní náírà. Ti baálẹ̀ wa ti tán lọ́jọ́ tí wọ́n yà á.

Ọ̀nà àbáyọ wà: àwọn òṣèré Amẹ́ríkà daṣẹ́ sílẹ̀ lọ́dún 1960, wọ́n sì gba ẹ̀tọ́ pé bí fíìmù wọn bá dé orí tẹlifíṣọ̀n, owó yóò kàn wọ́n. Òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́-ọpọlọ ti Nàìjíríà, ti ọdún 2022, mọ̀ pé òṣèré ní ẹ̀tọ́ lórí ohun tó bá ṣe. Àmọ́ àdéhùn orí fóònù ṣòro láti fi ẹ̀rí rẹ̀ múlẹ̀ nílé ẹjọ́. TAMPAN, ẹgbẹ́ àwọn òṣèré, lè bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ojú ìwé kan ṣoṣo tí olóòtú àti òṣèré yóò jọ fọwọ́ sí kí kámẹ́rà tó yí: iye owó, ọjọ́ tí wọn yóò san án, ìdá tí yóò máa kan òṣèré níwọ̀n ìgbà tí fíìmù bá ṣì ń pawó, àti orúkọ ọmọ tí yóò máa gbà á lẹ́yìn rẹ̀.