Ẹ Jẹ́ Kí A Dí Ihò Inú Òfin Iná Wa

Bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kò ní ráyè wọ̀ ọ́. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni òfin rí. Òfin tí ó ní ihò a máa mú kí ará ìlú rò pé ààbò wà lórí òun, nígbà tí ẹni tí ó ń pa á lára ti gba ibi ihò náà kọjá. Ọ̀rọ̀ yìí ni a fẹ́ kí àwọn ènìyàn Ọ̀tà àti Sango-Ọ̀tà, pàápàá ẹ̀yin olùkọ́ àti ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ òṣèlú, fi ọkàn bá wa rò.

Ẹni tí ó bá ń gbé ní àdúgbò ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ wa mọ bí ọ̀ràn ti rí. Nígbà tí iná ìjọba kò bá dúró, ilé iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan a tan ẹ̀rọ amúnáwá tirẹ̀. Owó epo dísẹ̀lì a bọ́ sórí iye ọjà; èéfín rẹ̀ a bọ́ sínú àyà àwọn ọmọ ilé ìwé. Lóòótọ́, láti ìgbà tí a ti dá Shell Nigeria Gas sílẹ̀ ní ọdún 1998, ọ̀pá rẹ̀ ti ń gbé gáàsì wá fún àwọn ilé iṣẹ́ kan ní Àgbárá àti Ọ̀tà, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo wọn ni ó dé ọ̀dọ̀ wọn. Bí àwa sì ti ń ra dísẹ̀lì níhìn-ín, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń sun gáàsì dànù ní agbègbè tí a ti ń wa epo rọ̀bì.

Kì í ṣe pé òfin kò sí. Ní ọjọ́ 28 oṣù September ọdún 1979, nígbà tí ó ku ọjọ́ mẹ́ta kí ìjọba ológun Ọ̀gágun Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ fi àṣẹ lé àwọn alágbádá lọ́wọ́, òfin kan jáde pé kí ilé iṣẹ́ epo kankan má ṣe sun gáàsì dànù mọ́ lẹ́yìn ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù January ọdún 1984. Ọ̀tà wa yìí náà ni Ọ̀gágun ọ̀hún wá dá oko sí lẹ́yìn tí ó fi ìjọba sílẹ̀. Òfin náà dára, ṣùgbọ́n wọ́n fi gbólóhùn kan sí i: àfi bí mínísítà bá fún ilé iṣẹ́ náà ní ìwé àṣẹ. Ibẹ̀ ni ògiri ti lanu. Ọdún 1984 dé, ó kọjá, iná náà kò kú. Ní ọjọ́ 14 oṣù November ọdún 2005, Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ní Bìní dá Ọ̀gbẹ́ni Jonah Gbemre ará Iwherekan láre, ó sì wí pé sísun gáàsì bẹ́ẹ̀ lòdì sí ẹ̀tọ́ tí ènìyàn ní láti wà láàyè. Síbẹ̀ iná náà kò kú. Nígbà tí òfin epo titun sì jáde ní 2021, ọdún mẹ́tàlá lẹ́yìn tí a kọ́kọ́ gbé àbá rẹ̀ dé iwájú àwọn aṣòfin, ààyè tún wà nínú rẹ̀ fún àjọ tí ń ṣàkóso epo láti yọ ilé iṣẹ́ sílẹ̀.

Kì í ṣe àìsí amòfin tí ó mọ iṣẹ́ ni ó fa èyí. Ẹ wo Ọ̀jọ̀gbọ́n Yínká Omorogbe, ẹni tí ó fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ́ni ní òfin epo àti ti agbára, ìmọ̀ tí kò ṣeé yà kúrò lára ìtọ́jú àyíká. Ó ti jẹ́ olórí ẹ̀ka ìmọ̀ òfin ní Yunifásítì Ìbàdàn. Ní 2008, ó sọ àsọyé nípa ìdí tí a kò fi ní agbára tó. Ó ti jẹ́ akọ̀wé àti olùdámọ̀ràn nípa òfin fún NNPC. Ó sì jẹ́ Agbẹjọ́rò Àgbà fún Ìpínlẹ̀ Ẹdó nígbà ìjọba Gómìnà Godwin Obaseki. Irú ọmọwé bẹ́ẹ̀ ni ìjọba ń fẹ́. Ṣùgbọ́n ipò ìjọba kì í ṣe ohun tí ènìyàn ń jẹ kú. Nígbà tí ọmọwé bá kúrò lórí àga, ohun tí a kọ sínú òfin nìkan ni ó kù. Bí òfin náà bá lanu, ìmọ̀ rẹ̀ yóò bá a lọ sílé.

Ìdí rẹ̀ nìyí tí àkókò yìí fi ṣe pàtàkì. Àtúnṣe ìwé òfin ìpìlẹ̀ àti òfin iná mànàmáná ti 2023 ti fún àwọn ìpínlẹ̀ ní agbára láti ṣàkóso iná tiwọn, Ìpínlẹ̀ Ògùn sì wà lára àwọn tí àjọ NERC ti fa ìṣàkóso náà lé lọ́wọ́. A kò lè di ẹ̀bi ru Abuja nìkan mọ́.

Ohun mẹ́ta ni a ń béèrè. Èkínní, kí a ya àga kan sọ́tọ̀ fún amòfin àyíká nínú àjọ tí yóò máa ṣàkóso iná wa, kí ó má sì ṣeé lé kúrò láìjẹ́ pé Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin fọwọ́ sí i. Èkejì, kí ẹnì kan ṣoṣo má ṣe ní àṣẹ láti yọ ilé iṣẹ́ kankan kúrò lábẹ́ òfin èéfín. Bí a bá fẹ́ fún un ní ààyè, kí a kéde rẹ̀, kí a gbọ́ tẹnu àwọn ará àdúgbò, kí a sì dá ọjọ́ tí kò ní ṣeé sún síwájú. Ẹ̀kẹta, kí owó ìtanràn pọ̀ ju èrè tí arúfin yóò jẹ lọ.

Àwọn kan yóò wí pé òfin líle yóò lé àwọn ilé iṣẹ́ lọ, àwọn ọmọ wa yóò sì pàdánù iṣẹ́. Ẹ̀rù náà kì í ṣe ẹ̀rù asán. Ẹni tí kò rí oúnjẹ jẹ kò ní fetí sí ọ̀rọ̀ èéfín. Ṣùgbọ́n iná tí ó dúró ṣinṣin ni oníléeṣẹ́ ń wá jù, dísẹ̀lì ni ó sì ń gbọ́n ọn lápò. Iná tí ó mọ́, tí ó sì tó, ni yóò pa iṣẹ́ àwọn ọmọ wa mọ́.

Nítorí náà, ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ òṣèlú, ẹgbẹ́ yòówù kí ẹ máa ṣe, ẹ béèrè lọ́wọ́ ẹni tí ó bá wá tọrọ ìbò yín pé: ta ni ó lè dá ilé iṣẹ́ sí lábẹ́ òfin iná wa, títí di ọjọ́ wo? Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ kọ́ àwọn ọmọ láti máa ka òfin ìlú wọn, kí wọ́n sì máa wá ibi tí a bá kọ “àfi bí” sí. Ibẹ̀ ni ó yẹ kí a ti kọ́kọ́ fi amọ̀ dí.