Ẹ Má Pe Elégbè ní Ẹrú

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ wa, ẹ̀yin olùkọ́ wa, ọ̀rọ̀ kan há mi lọ́fun, n kò sì lè gbé e mì.

Nígbà ọlidé tí ó kọjá, ní ilé wa ní Àjàṣẹ́-Ìpo, èmi àti àwọn ọ̀rẹ́ mi jókòó wo sinimá àtijọ́ kan tí à ń pè ní The Hasty Heart, èyí tí wọ́n ṣe ní 1949. Bí Orlando Martins ti yọ, ọ̀kan nínú wa, akẹ́kọ̀ọ́ bí èmi, pòṣé, ó ní: “Sójà tí kò lè sọ̀rọ̀! Ẹrú òyìnbó lásán!” Àwọn ìyókù rẹ́rìn-ín. Èmi kò rín.

Ta ni ẹni tí a ń pè ní ẹrú yìí? Èkó ni wọ́n bí i sí ní 1899. Láti Lọ́ńdọ̀nù ni ó ti di òṣèré, tí ó fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe elégbè nínú sinimá àwọn òyìnbó. Ní 1946, òun ni adáhunṣe Magole nínú Men of Two Worlds. Ní 1970, ó wà nínú Kongi’s Harvest, tí wọ́n ṣe láti inú eré Wọlé Ṣóyínká. Ó kú ní 1985.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí ti sójà náà. Blossom ni orúkọ rẹ̀, aláìsàn ni ní ilé ìwòsàn àwọn ológun ní Bọ́mà. Kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ronald Reagan, ẹni tí ó di ààrẹ Amẹ́ríkà ní 1981, ni wọ́n kó ọ̀rọ̀ fún. Ṣùgbọ́n ta ni ó tú kókó ìtàn náà? Ọmọ Scotland kan ń kú lọ. Nígbà tí ó mọ̀ bẹ́ẹ̀, ó bínú pé àánú lásán ni gbogbo wọn fi ń bá òun ṣe ọ̀rẹ́. Blossom gbé ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn fún un, ó kọ̀ ọ́. Lẹ́yìn náà ni ó wá mọ̀ pé Blossom kò gbọ́ èdè tí wọ́n fi sọ ọ̀rọ̀ ikú náà, nítorí náà ìfẹ́ ni ẹ̀bùn rẹ̀, kì í ṣe àánú. Ibẹ̀ ni ọkàn rẹ̀ ti rọ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ èdè pẹ̀lú mi, ṣé ẹ rí i bí? Ẹni tí kò ní ọ̀rọ̀ ni ó gbé ìtàn ró!

Ẹnìkan yóò ní: “Kí ló dé tí kò kọ irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀?” Bí ó bá kọ̀ ọ́, ṣé wọn kò lè fi ọ̀dà dúdú kun ojú òyìnbó kan? Irú rẹ̀ kò ṣọ̀wọ́n nígbà náà. Èmi kò yin àwọn tí ó kọ Magole bí ọ̀tá ọ̀làjú. Àwọn ni kí ẹ bá wí. Ṣùgbọ́n ẹni tí a bu ẹ̀kúnwọ́ àgbàdo fún, tí ó sì fi bọ́ ilé, ẹ má bú u pé kò ní oko.

Bí a bá ń kọrin, ẹni tí ń lé e ni a ń yìn, àwọn tí ń gbè é ni kì í jẹ́ kí ó wó lulẹ̀. Nítorí náà, nígbà tí ẹ bá tún re ilé, kí olúkúlùkù wá orúkọ elégbè kan nínú eré ìlú rẹ̀, kí ó kọ ọ́ sílẹ̀, kí a tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé wa yìí. Bí a kò bá lè ṣe èyí, kí a yé fi ẹnu wa pe ẹnikẹ́ni ní ẹrú.