Ẹni Tí Ó Kọ́ Ààfin Sínú Fíìmù Kò Kéré Sí Ẹni Tí Ó Gúnwà Nínú Rẹ̀

Ẹ̀yin ará wa, ọmọ Odùduwà, ọ̀rọ̀ kan ń jà nílẹ̀ láàrin àwọn òṣèré Abúlé Ẹ̀gbá àti Agége, kò sì dùn mọ́ wa nínú. Bí ọ̀kan nínú wọn bá fi eré ṣíṣe sílẹ̀, tí ó lọ ń ṣètò ilé, aṣọ àti ohun èlò tí a fi ń ya fíìmù, àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ a máa wí pé eré ni ó sú u, pé ó ti di gbẹ́nàgbẹ́nà. Àwa kọ ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹ wo Abúlé Ẹ̀gbá fúnra rẹ̀. Afárá tí a ṣí ní 2017 ga lókè títì, ọkọ̀ BRT ń kọjá, wáyà iná lọ́ mọ́ra wọn. Níbẹ̀ ni ẹlòmíràn yóò gbé kámẹ́rà kalẹ̀, tí yóò ní ogun Kírìjì ti 1877 ni òun ń yà! Ta ni yóò mú ọjọ́ òní kúrò nínú àwòrán náà? A ti rí balógun tí ó wọ aago ọwọ́, a ti rí àga oníke ní ààfin. Àwa àgbà rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ọmọ tí ó jókòó tì wá kò rẹ́rìn-ín, ó gbà pé bẹ́ẹ̀ ni àwọn baba ńlá òun rí.

Nínú ẹgbẹ́ òṣèré arìnrìn-àjò ayé àtijọ́, ẹni tí yóò ṣe ọba lálẹ́ a máa bá wọn kan pákó ìtàgé lọ́sàn-án. Ní 1963, nígbà tí Kọ́lá Ògúnmọ́lá gbé Ọ̀mùtí jáde ní Ìbàdàn, Demas Nwoko ni ó ṣe ọnà ìtàgé àti aṣọ wọn. Àwọn Òyìnbó pàápàá (tí àwọn ọ̀dọ́ wa ń wò bí àwòkọ́ṣe) fún William Cameron Menzies ní ẹ̀bùn pàtàkì fún irú iṣẹ́ yìí nínú Gone with the Wind ti 1939. Kúnlé Afọláyan ńkọ́? Òṣèré ni a kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n sí nínú Ṣaworoidẹ ní 1999. Ó fi October 1 mú wa padà sí 1960, Pat Nebo ni ó sì bá a ṣètò rẹ̀; lẹ́yìn náà ó tẹ abúlé fíìmù dó ní Ìgbójàyè, níbi tí wọ́n ti ya Aníkúlápó ti 2022. Bí ó bá jẹ́ pé ojú ara rẹ̀ nìkan ni ó fẹ́ kí a rí, níbo ni ààfin náà ì bá ti wá?

Lójú tiwa, òṣèré ni iṣẹ́ yìí yẹ jù. Ó ti ru ẹ̀wù ọba rí, ó mọ ibi tí ó ti ń wọ́lẹ̀. Ó ti forí gbá àtẹ́rígbà tí ẹni tí ó kàn án kò rántí adé. Kí ó sáà kọ́ ìwọ̀n àti ìṣirò owó, kí ó sì lọ bi àwọn àgbà léèrè.

Ẹ̀yin olówó fíìmù, ẹ má ṣe fi ìṣẹ́kù owó ra ààfin mọ́. Kí orúkọ ẹni tí ó kọ́ ọ sì hàn lára ìwé ìpolówó, ní ẹ̀gbẹ́ orúkọ ẹni tí ó ṣe ọba.